Ara Ńlá, Ọdún Kúkúrú: Èrè Adènà Iwájú Nínú Bọ́ọ̀lù Àwọn Amẹ́ríkà

Ọmọ Èjìgbò tó bá dàgbà sí Amẹ́ríkà, tó ga, tó sì taagun, kì í pẹ́ kí akọ́nimọ̀ọ́gbá iléèwé tó rí i. Láti ìgbà tí NFL, líìgì bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà, ti gbé àgọ́ ìdánwò wá sí Ghana ní 2022, ọ̀rọ̀ náà ti kan ọmọ tó wà nílé pẹ̀lú. Ibi tí wọ́n sábà máa ń fi irú ọmọ bẹ́ẹ̀ sí ni àárín àwọn márùn-ún tó ń dènà fún quarterback, ẹni tó ń ju bọ́ọ̀lù, ìròyìn owó ńlá ló sì máa ń kọ́kọ́ kan òbí lára. Ojú ìwòye mi ni pé owó líìgì kọ́ ló yẹ kí ẹbí gbójú lé. Ẹ̀kọ́ yunifásítì tí ara ọmọ náà lè rà fún un ni èrè tó dájú.

Iṣẹ́ àṣelàágùn tí kò ní ìyìn ni iṣẹ́ adènà. Adènà á bẹ̀rẹ̀, á fi ọwọ́ kan ilẹ̀. Bí bọ́ọ̀lù bá ti gbéra, á dìde, á máa fi ìṣísẹ̀ kéékèèké fà sẹ́yìn, á sì ti ọwọ́ méjèèjì bọ àyà ẹni tó ń bọ̀, kí quarterback lè rí bí ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta lò. Kò gbọ́dọ̀ dì í láṣọ mú. Bó bá dì í mú, rẹfirí á ké nọ́ńbà rẹ̀ síta létí gbogbo èrò, wọ́n á sì dá ẹgbẹ́ rẹ̀ padà sẹ́yìn ní yáàdì 10. Ìgbà yẹn nìkan ni ọ̀pọ̀ òǹwòran ń mọ̀ pé ó wà níbẹ̀. Àwọn tó ni ẹgbẹ́ mọ̀ ọ́n ní tiwọn: ẹni tó ń ṣọ́ apá tí ojú quarterback kò sí wà lára àwọn tí owó wọn ga jù, òun sì ni àwọn aṣojú agbábọ́ọ̀lù máa ń fi han òbí.

Ọdún mélòó ni wọ́n ń lò lẹ́nu rẹ̀? Ibẹ̀ ni àríyànjiyàn ti dùn. NFLPA, ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ àwọn agbábọ́ọ̀lù, ní ìpíndọ́gba rẹ̀ jẹ́ ọdún 3.3. Líìgì ní rárá o, bí ọdún 6 ni. Kò sẹ́ni tó purọ́ nínú wọn. Àwọn tí wọ́n kà ni kò dọ́gba. Àwọn tó ti wà nínú ẹgbẹ́ lọ́jọ́ tí sáà wọn àkọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ nìkan ni líìgì kà, ó sì rọrùn kí ọdún pọ̀ nígbà tí a bá ti kọ́kọ́ yọ àwọn tí wọ́n lé dànù. Nínú ọgọ́rùn-ún ọmọ yunifásítì tó tó yàn, àwọn tí líìgì ń yàn kò tó méjì. Ẹni tí kò bá sì lo sáà mẹ́ta kò ní í rí owó ìfẹ̀yìntì.

Àwọn kan á ní owó ọdún kan péré ti tó èèyàn. Ní 2024, owó tó kéré jù fún agbábọ́ọ̀lù tuntun jẹ́ dọ́là 795,000; oníṣòwò wo ló ń rí i? Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ẹni tó bá lo sáà náà parí ló ń gbà á pé, ẹgbẹ́ sì lè lé èèyàn kí sáà tó dé ìdajì. Ẹ jẹ́ ká fi wé Abidjan, tí àwọn ará Èjìgbò ti ń lọ ṣòwò láti nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọdún. Ẹ̀gbọ́n á dé ibẹ̀, á mú àbúrò wá, àbúrò á jogún ìsọ̀, èrè ìsọ̀ á kọ́lé sí Èjìgbò. Orúnkún kò ṣeé jogún.

Gbèsè ara náà tún wà. Dókítà Bennet Omalu, ọmọ Nàìjíríà, yẹ ọpọlọ adènà iwájú kan tó ti gbá bọ́ọ̀lù fún Pittsburgh Steelers wò lẹ́yìn tó kú ní 2002, ó rí CTE níbẹ̀, àrùn ọpọlọ tí ìfarapa orí léraléra ń fà, ó sì tẹ ìwádìí rẹ̀ jáde ní 2005. Àwọn dókítà líìgì ní kó fà á sẹ́yìn. Àwọn tó ń gbèjà eré náà máa ń tọ́ka sí ìwádìí tí NIOSH, iléeṣẹ́ ìjọba Amẹ́ríkà tó ń rí sí ìlera òṣìṣẹ́, ṣe ní 1994, pé agbábọ́ọ̀lù ń pẹ́ láyé ju ọkùnrin mìíràn lọ. Wọn kì í kà á dópin: ìwádìí kan náà ló ní àrùn ọkàn ń pa àwọn ará ìlà iwájú ju bó ṣe ń pa àwọn ọkùnrin yòókù lọ.

N kò ní kí ọmọ má lọ. Ẹlòmíràn á ní ẹ̀kọ́ tí wọ́n ń fún irú ọmọ bẹ́ẹ̀ kì í jinlẹ̀, pé ibi tó rọrùn ni wọ́n ń tì wọ́n sí. Ó ń ṣẹlẹ̀, ìdí sì nìyẹn tí òbí fi gbọ́dọ̀ dá sí i. Ní 2015, àwọn àjọ eré yunifásítì márùn-ún tó tóbi jù nígbà náà fòfin dè é pé kí iléèwé má gba ẹ̀bùn ẹ̀kọ́ lọ́wọ́ ọmọ nítorí pé eré rẹ̀ kò dára mọ́. Níbi tí irú òfin bẹ́ẹ̀ kò bá sí, àdéhùn ni ohun gbogbo. Nítorí náà, bí akọ́nimọ̀ọ́gbá bá wá sílé, kí òbí bi í pé: bí orúnkún ọmọ yìí bá yẹ̀ lọ́dún kejì, ta ni yóò sanwó títí tí yóò fi gboyè, oyè kí sì ni? Kó kọ ìdáhùn rẹ̀ sínú ìwé kí ẹnikẹ́ni tó buwọ́ lù ú.