Fíìmù tó ń tú àṣírí àwọn jẹgúdújẹrá: òótọ́ àbí irọ́?

“Fíìmù lásán ò lè mú alágbára.” Irọ́ ni. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2015, Anas Aremeyaw Anas, oníròyìn ọmọ Ghana tó máa ń fi ìlẹ̀kẹ̀ bojú, gbé fíìmù kan jáde ní Accra. Ojúkojú ni kámẹ́rà inú aṣọ ká àwọn adájọ́ mọ́ ibi tí wọ́n ti ń gba rìbá. Owó làwọn kan gbà, àwọn míì gba ewúrẹ́. Ẹ wo ẹni tí wọ́n rẹ́ jẹ, tó gba kóòtù lọ, tí ewúrẹ́ ẹni tó rẹ́ ẹ jẹ ti ṣáájú rẹ̀ débẹ̀! Kí ọdún náà tó parí, wọ́n ti gbaṣẹ́ lọ́wọ́ adájọ́ 20.

“Báwọn èèyàn bá ti wò ó tán, ó parí.” Irọ́ tó ń ba iṣẹ́ yìí jẹ́ jù nìyí. Kí aráàlú tó fojú kan fíìmù yẹn rárá, Anas ti kọ̀wé ẹ̀sùn sí adájọ́ àgbà ilẹ̀ Ghana, ó sì kó fídíò tì í. Ìgbìmọ̀ kan jókòó lórí ẹ̀sùn náà, wọ́n pe àwọn tọ́rọ̀ kàn, kálukú sì rojọ́ tiẹ̀. Ìgbìmọ̀ yẹn ló kó wọn sọ̀ kalẹ̀ lórí àga. Ariwo àwọn òǹwòran nìkan ò lè ṣe é.

“Pańpẹ́ ni wọ́n dẹ, kì í ṣe ìwádìí.” Ó ku díẹ̀ kó jẹ́ òótọ́. Nínú “Number 12”, fíìmù ọdún 2018, Kwesi Nyantakyi, tó jẹ́ ààrẹ àjọ bọ́ọ̀lù Ghana nígbà náà, wà ní òtẹ́ẹ̀lì kan ní Dubai, ó ń kó 65,000 dọ́là sínú ọ̀rá dúdú. Oníròyìn ni “oníṣòwò” tó gbówó wá. Ṣùgbọ́n ta ló fipá mú un gba owó náà? FIFA lé e kúrò nídìí bọ́ọ̀lù títí ayé. Ní 2020, ilé ẹjọ́ eré ìdárayá dín ìjìyà náà kù sí ọdún 15. Lójú tèmi, bó ṣe yẹ kó rí nìyẹn: kí ẹlòmíì tún yẹ ohun tí kámẹ́rà mú wá wò.

“Ẹni tó bá ti bojú, ewu ò sí fún un.” Irọ́ ni, ó sì dùn mí láti kọ ọ́. Ahmed Hussein-Suale wà lára àwọn tó ṣe “Number 12”. Aṣòfin kan gbé fọ́tò rẹ̀ sórí tẹlifíṣọ̀n, ó ní kí wọ́n lù ú, òun á sanwó. Ní ọjọ́ 16 oṣù Kìíní ọdún 2019, wọ́n yìnbọn pa Ahmed nínú ọkọ̀ rẹ̀ ní Madina, ní Accra. Aṣòfin náà ní òun ò mọwọ́ mẹsẹ̀ nínú ikú rẹ̀.

Bírú fíìmù bẹ́ẹ̀ bá dé orí fóònù yín, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kàn fi ránṣẹ́ síwájú. Ẹ bèèrè ibi tí ẹjọ́ náà dé, kẹ́ ẹ sì bèèrè bóyá àwọn tó ṣe é ṣì wà láàyè.