Ọ̀nà Àbọ̀ Ni Wọ́n Kọ́kọ́ Ń Wọ̀n

Àwọn kan wà láyé yìí tó ń san owó kí wọ́n tó wọ inú ihò olómi lábẹ́ ilẹ̀, níbi tí oòrùn kì í dé, tí òkúta sì bò wọ́n lórí. Èmi tí wọ́n ń sanwó fún kí n tó wọ inú ilẹ̀, ẹ̀rín ni mo kọ́kọ́ fi ọ̀rọ̀ náà rín. Agbẹ́kànga ni mí ní Lálúpọn, ìjọba ìbílẹ̀ Lágelú. Mo ti gbẹ́lẹ̀ ní Ẹ̀gbẹ́dá, mo ti gbẹ́ ẹ ní Akínyẹlé, mo ti gbẹ́ ẹ lóko àwọn ará Ọ̀nà-Àrà. Lọ́dún 2018, nígbà tí mo wo bí wọ́n ṣe ń yọ àwọn ọmọ tí omi ká mọ́ inú ihò nílẹ̀ Thailand lórí tẹlifíṣọ̀n, ni mo bẹ̀rẹ̀ sí í wádìí àwọn tó ń ṣe irú iṣẹ́ yìí. Ohun tí mo rí kì í ṣe eré àwọn aláìbẹ̀rù. Àwọn èèyàn tó bẹ̀rù dáadáa ni, tí wọ́n sì fi ẹ̀rù náà ṣe òfin.

Ẹ má wá irú ihò bẹ́ẹ̀ kiri lágbègbè wa. Òkúta líle ló wà lábẹ́ Ìbàdàn àti àwọn abúlé tó yí i ká, omi kì í sì í yọ́ ọ. Bí a bá gbẹ́lẹ̀ ní Lálúpọn, ilẹ̀ oko la ó kọ́kọ́ bá, lẹ́yìn náà ilẹ̀ pupa, lẹ́yìn náà amọ̀, ká tó dé ibi tí òkúta ti ń jẹrà di iyanrìn. Ibẹ̀ ni omi ń sun sí. Oṣù kejì sí ìkẹta la sì fẹ́ràn láti gbẹ́ ẹ, nígbà tí omi ti sá lọ sísàlẹ̀ pátápátá. Bí dígà bá ti kan òkúta dúdú tó ń ta iná, tiwa ti parí nìyẹn, àfi kí onílé pe àwọn tó ń fi ẹ̀rọ gbẹ́ ẹ.

Òkúta ẹfun ni omi ń jẹ, irú èyí tí wọ́n ń wà ní Ewékorò àti Ṣàgámù láti fi ṣe sìmẹ́ńtì. Bí òjò bá rọ̀, ó máa ń kó gáàsì tí àwa èèyàn ń mí síta mọ́ra láti inú afẹ́fẹ́ àti láti inú ilẹ̀, omi náà á wá kan díẹ̀. Ahọ́n lè má mọ̀ ọ́n, ṣùgbọ́n bó bá ti ń gba inú pàlàpálá òkúta ẹfun kọjá fún ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún, á jẹ ẹ́ di ọ̀nà, ọ̀nà á di yàrá, yàrá á di gbọ̀ngàn.

Ọ̀kan nínú àwọn ibi tí irú rẹ̀ pọ̀ sí jù ni Yucatán, ní Mẹ́síkò. Ní nǹkan bí 20,000 ọdún sẹ́yìn, nígbà tí yìnyín bo apá kan ayé, òkun fà sẹ́yìn, ó fi nǹkan bí 120 mítà lọ sílẹ̀ ju ibi tó wà lónìí lọ. Àwọn ihò náà gbẹ nígbà náà. Ẹfun inú omi tó ń kán láti àjà wọn ń di òkúta ṣóńṣó ṣóńṣó. Ẹranko wọ ibẹ̀, èèyàn náà wọ ibẹ̀. Nígbà tí yìnyín yọ́, omi padà wá kún gbogbo rẹ̀. Lọ́dún 2007, àwọn amòòkùn dé kòtò kan tí wọ́n ń pè ní Hoyo Negro, wọ́n sì rí egungun ọmọbìnrin kan níbẹ̀. Àwọn onímọ̀ ní ó ti lé ní 12,000 ọdún tó ti kú. Ní oṣù kìíní ọdún 2018, wọ́n rí ibi tí ihò Sac Actun àti Dos Ojos ti so pọ̀, gígùn ọ̀nà tí wọ́n ti wọ̀n níbẹ̀ sì di 347 kìlómítà. Ó ju kí èèyàn ti Ìbàdàn lọ Èkó kó sì padà wálé lọ, gbogbo rẹ̀ lábẹ́ omi.

Ta ni wọ́n ń gbà wọlé?

Ẹni tó bá fẹ́ fi sílíńdà afẹ́fẹ́ mòòkùn gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gba ìwé ẹ̀rí nínú omi gbalasa, tí kò sí nǹkan kan lókè rẹ̀. Pẹ̀lú ìwé yẹn, ẹnu ihò nìkan ni afinimọ̀nà lè mú un wọ̀, níbi tí yóò ti máa rí ìmọ́lẹ̀ ojúmọ́ ní gbogbo ìgbà. Ní Mẹ́síkò, àṣà wọn ni pé kí afinimọ̀nà kan má kó ju èèyàn mẹ́rin lọ, òun fúnra rẹ̀ sì gbọ́dọ̀ ti kọ́ iṣẹ́ inú ihò parí. Ẹni tó bá fẹ́ kọjá ibi ìmọ́lẹ̀, ẹ̀kọ́ mìíràn ló kù fún un, ní ìpele ìpele. Nínú ọ̀pọ̀ ihò, wọ́n gbé pátákó sábẹ́ omi níbi tí ìmọ́lẹ̀ ti ń tán. Wọ́n ya egungun tó di dòjé mú sí i lára, wọ́n sì kọ ọ́ síbẹ̀ pé kí ẹni tí kò bá kọ́ ẹ̀kọ́ ihò má ṣe kọjá ibẹ̀.

Kí wọ́n tó wọmi, afinimọ̀nà á kó wọn jọ sétí ihò. Á yẹ sílíńdà oníkálukú wò, á ní kí wọ́n tan tọ́ọ̀ṣì wọn, á sì tún àmì ọwọ́ kà fún wọn, nítorí pé ẹnu kò lè sọ̀rọ̀ lábẹ́ omi. Á wo bí wọ́n ṣe ń léfòó: ẹni tí kò bá lè dúró sójú kan láìkan ilẹ̀, láìkan àjà, kò ní bá wọn lọ. Ẹrẹ̀ lẹ́búlẹ́bú ló tẹ́ sílẹ̀ inú ihò láti ayébáyé. Bí ẹsẹ̀ kan ṣoṣo bá gbá a, omi tó mọ́ gaara á ṣú dùdù, èèyàn ò ní rí ọwọ́ ara rẹ̀ mọ́.

Ikú ló kọ òfin náà

Nínú òkun, bí ọ̀ràn bá dé, òkè ni èèyàn ń forí lé. Nínú ihò, àjà ló wà lókè. Ibi tí o gbà wọlé ni o máa gbà jáde, bó ti wù kó jìnnà tó. Ọ̀rọ̀ yìí ló bí gbogbo òfin iṣẹ́ náà.

Ará Amẹ́ríkà kan, Sheck Exley, tó mọ àwọn ihò olómi Florida bí ẹni mowó, ló kó wọn jọ sínú ìwé kékeré kan lọ́dún 1979. Kò jókòó ronú wọn lásán. Ó yẹ ìtàn àwọn tó ti kú sínú ihò wò, ó ń wá ohun tó yẹ kí wọ́n ṣe tí wọn ò ṣe. Ó rí i pé wọn ò na okùn, tàbí wọn ò ṣẹ́ afẹ́fẹ́ tó kù fún àbọ̀, tàbí wọ́n jìn ju ibi tó yẹ lọ. Lẹ́yìn náà, wọ́n fi ọ̀rọ̀ ẹ̀kọ́ àti ti iná kún un.

Okùn ló ṣáájú. Ó gbọ́dọ̀ wà láti ìta tó mọ́lẹ̀ títí dé ibi tí wọ́n bá dé, kò gbọ́dọ̀ já, kò gbọ́dọ̀ jìnnà sí ọwọ́. Wọ́n ń so ọfà kékeré mọ́ ọn, ẹnu ọfà náà ń tọ́ka síbi àbájáde tó sún mọ́ jù. Bí iná gbogbo bá kú, èèyàn á fi ọwọ́ tọ okùn, á fi ìka mọ ẹnu ọfà.

Afẹ́fẹ́ ló tẹ̀lé e. Ọ̀nà mẹ́ta ni wọ́n ń pín in sí. Bí gééjì bá ka 210, wọn á fi 70 wọlé, wọn á fi 70 jáde, 70 tó kù jẹ́ ti ọ̀ràn àìròtẹ́lẹ̀, bóyá ti ẹlòmíì tí afẹ́fẹ́ tirẹ̀ tán. Bí gééjì ẹnì kan ṣoṣo bá ti dé 140, gbogbo wọn ló ń yí padà, kódà bí ti àwọn tó kù ṣì pọ̀. Ní ti iná, tọ́ọ̀ṣì mẹ́ta ni oníkálukú ń gbé.

Àwọn àgbà ní ẹni tí yóò jẹ oyin inú àpáta kì í wo ẹnu àáké. Àwọn wọ̀nyí ń wò ó, wọ́n ń pọ́n ọn, wọ́n tún gbé àáké méjì mìíràn dání.

Òfin kan wà tó wọ̀ mí lára ju gbogbo ìyókù lọ. Ẹnikẹ́ni nínú wọn, ìbáà ṣe ògbólógbòó, ìbáà ṣe ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, bó bá ti na àtàǹpàkò sókè, ìrìn ti parí. Wọn kì í bi í pé kí ló dé, wọn kì í sì í fi ṣe yẹ̀yẹ́ tí wọ́n bá jáde. Iṣẹ́ afinimọ̀nà, nígbà náà, kì í ṣe kó ṣáà mú wọn dé ibi tó rẹwà jù. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó mọ ìgbà tó yẹ kí wọ́n yí padà, kó sì jẹ́ kó rọrùn fún ẹni tí àyà rẹ̀ ń já láti sọ ọ́.

Ẹ wá wo tiwa. Ọmọ iṣẹ́ wà nísàlẹ̀ kànga, ó ké sókè pé, "Ọ̀gá, ẹ fà mí jáde o, ara mi ò yá." Èsì tí mo gbọ́ dàgbà lẹ́nu iṣẹ́ yìí ni pé, "Ṣé ìwọ kì í ṣe ọkùnrin ni? Kún gárawa yẹn kó o tó bọ́ síta." Ẹ̀fọ́rí àti òòyì tí ọmọ yẹn ń sọ, ó lè jẹ́ pé afẹ́fẹ́ ti bàjẹ́ níbẹ̀.

Ìwúwo omi

Omi tún ní wàhálà tirẹ̀. Ní 10 mítà sílẹ̀, ìtẹ̀ afẹ́fẹ́ tí èèyàn ń mí ti di ìlọ́po méjì ti òkè. Ní 30 mítà, ó ti di ìlọ́po mẹ́rin. Sílíńdà á tètè tán, gáàsì nitrogen á sì wọnú ẹ̀jẹ̀ àti ẹran ara. Bí èèyàn bá sáré gòkè, nitrogen yẹn á hó nínú ara rẹ̀ bí ìgò mínírà tí a mì ká tó ṣí i. Ó lè sọni di arọ, ó lè pani.

A ní ẹlẹ́rìí ní Nàìjíríà. Ní ọjọ́ 26 oṣù karùn-ún ọdún 2013, ọkọ̀ ojú omi Jascon-4 dojú dé ní nǹkan bí 30 kìlómítà sí etíkun Escravos, ó sì rì dé nǹkan bí 30 mítà. Harrison Okene, alásè inú ọkọ̀ náà, rí ibi tí afẹ́fẹ́ há sí, ó wà níbẹ̀ nínú òkùnkùn fún nǹkan bí wákàtí 60. Òkú ni àwọn amòòkùn wá kó. Ọwọ́ alààyè ló dì wọ́n mú. Nínú àwọn méjìlá tó wà nínú ọkọ̀, òun nìkan ló yè. Síbẹ̀, wọn ò lè gbé e lọ sílé tààrà. Inú yàrá irin ni wọ́n tì í mọ́ fún ju ọjọ́ méjì lọ, kí ìtẹ̀ náà lè máa dín kù díẹ̀díẹ̀. Lẹ́yìn náà, Okene fúnra rẹ̀ lọ kọ́ iṣẹ́ amòòkùn.

Ẹni kejì

Ohun tó bà mí nínú jẹ́ jù nínú ìtàn wọn ni ti ẹni kejì, ẹni tó lọ yọ ẹni àkọ́kọ́. Ní Boesmansgat, ihò olómi kan ní Gúúsù Áfíríkà, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń jẹ́ Deon Dreyer kú ní oṣù kejìlá ọdún 1994. Lọ́dún 2004, Dave Shaw, awakọ̀ òfuurufú ará Ọsirélíà, rí òkú rẹ̀ ní nǹkan bí 270 mítà sílẹ̀. Ó ní òun á padà wá gbé e. Ní ọjọ́ 8 oṣù kìíní ọdún 2005, ó padà lọ, okùn lọ́ mọ́ ọn, òun náà kú síbẹ̀. Lọ́jọ́ díẹ̀ lẹ́yìn náà, nígbà tí wọ́n ń kó irinṣẹ́ jáde, òkú àwọn méjèèjì jọ gbéra wá sókè.

Ní Tham Luang tí mo wò lórí tẹlifíṣọ̀n, ọmọ méjìlá àti kóòṣì wọn wọlé ní ọjọ́ 23 oṣù kẹfà ọdún 2018, òjò sì sé wọn mọ́bẹ̀. Àwọn amòòkùn ihò méjì láti Bìrìtìkó, Rick Stanton àti John Volanthen, rí wọn ní ọjọ́ 2 oṣù keje. Láàárín ọjọ́ 8 sí ọjọ́ 10, wọ́n yọ àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀tàlá láàyè. Ṣùgbọ́n ní ọjọ́ 6, Saman Kunan, tó ti ṣiṣẹ́ ogun ojú omi ilẹ̀ náà rí, ti kú lẹ́nu iṣẹ́ gbígbé sílíńdà afẹ́fẹ́ wọlé.

Bó ṣe ń rí nínú kànga náà nìyẹn. Ẹnì kan á wọ kànga láti kó ẹrẹ̀ inú rẹ̀, á dákú. Àbúrò rẹ̀ á bẹ́ sí i, òun náà á dákú. Aládùúgbò á tẹ̀ lé e. Ohun tó mú ẹni àkọ́kọ́ kò tíì kúrò níbẹ̀. Gáàsì tó wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ lè ṣù jọ sísàlẹ̀ kànga tí wọ́n ti bò fún ìgbà pípẹ́. Ó tún wá burú bí wọ́n bá sọ ẹ̀rọ oníbẹntiróòlù sínú kànga láti fi fa omi: gáàsì olóró kan wà nínú èéfín rẹ̀ tí kò láwọ̀, tí kò ní òórùn. Àbẹ́là tí a fi okùn sọ̀ kalẹ̀ lè kú níbi tí afẹ́fẹ́ kò bá tó, ṣùgbọ́n kò lè fi gáàsì èéfín yìí hàn wá.

Nítorí náà, òkè ni kí ẹ̀rọ wà. Kí ẹni tó ń wọlé so okùn mọ́ àyà àti èjìká, kí àwọn tó lágbára sì wà lókè tí wọ́n lè fà á láìsí pé ẹnikẹ́ni tẹ̀ lé e. Bó bá dákú, ẹ fà á. Bí kò bá sí okùn lára rẹ̀, ẹ pe panápaná, kí ẹ di àwọn ẹbí rẹ̀ mú kí wọ́n má bẹ́ sí i.

Ní tèmi, mo ti sọ òfin àtàǹpàkò yẹn di ti ibi iṣẹ́ mi. Ẹni tó bá ní kí n gbẹ́ kànga fún òun, mo ń sọ fún un ká tó ná owó: bí ọmọ iṣẹ́ mi bá mi okùn lẹ́ẹ̀mejì, a ó fà á jáde, ìbáà ku ẹsẹ̀ bàtà kan ká kan omi, n kò sì ní yọ kọ́bọ̀ nínú owó ọmọ náà. Onílé tí kò bá fara mọ́ ọn, kó wá agbẹ́kànga mìíràn.