Ìwé Mi Ni, Ta Ló Mú Kọ́kọ́rọ́ Rẹ̀ Lọ?

Ẹ̀yin òǹkàwé wa, ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ ro ẹjọ́ ara mi. Ní alẹ́ ọjọ́ Àìkú kan tí ìdánwò ìparí sáà yóò bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ kejì, mo jókòó ti kọ̀ǹpútà ilé-ẹ̀kọ́ wa láti tẹ ìbéèrè jáde fún àwọn ọmọ kíláàsì mi. Èmi tìkára mi ni mo kọ ìbéèrè náà nílé, mo sì gbé e wá nínú fúláàṣì. Bébà wà, íǹkì wà, iná pàápàá wà! Ṣùgbọ́n nígbà tí mo ní kí ìwé ṣí, ọ̀rọ̀ kan ni ó yọ sójú ẹ̀rọ: pé ọgbọ̀n ọjọ́ tí a fi dán ètò tí ń ṣí ìwé wò ti pé, kí n lọ fi káàdì san owó, owó dọ́là sì ni, kí n tó lè rí ìwé mi.

Ní ìdájí ọjọ́ Ajé mo gbé fúláàṣì lọ sí ìsọ̀ àwọn tí ń tẹ ìwé ní ẹ̀bá ọ̀nà. Èrò ti pọ̀ níbẹ̀. Ẹni tí ó wà nídìí ẹ̀rọ ṣí ìwé mi gbàgàdà sójú gbogbo ayé, bẹ́ẹ̀ ni àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ kan wà lórí ìlà tí wọ́n ń dúró de fọ́ọ̀mù. Kí agogo tó lù, ìbéèrè mẹ́rin nínú mẹ́wàá ti dé etí ọmọ. Ṣọ́ọ̀kì ni mo fi kọ òmíràn sí ojú pátákó, ojú sì tì mí.

Ọmọkùnrin kan tí mo ti kọ́ rí, tí ó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe nísinsìnyí, ni mo ro ó fún. Ó rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ó fi ọ̀wọ̀ rẹ́rìn-ín. “Ẹ má bínú, tíṣà,” ni ó wí, “ìwé yín kò sọnù. Kọ́kọ́rọ́ ni ẹ yá lò, ẹni tí ó ni ín sì ti wá gbà á.” Ó yọ fúláàṣì tirẹ̀, ó gbé ètò kékeré kan tí à ń pè ní Sumatra PDF sórí ẹ̀rọ wa, ìwé mi sì ṣí lójú ẹsẹ̀. Mo bèèrè pé èló ni. Ó ní kò sí owó. Mo ní ọjọ́ wo ni yóò parí? Ó ní kò ní parí. Èyí ni ó mú mi wádìí ọ̀rọ̀ náà, nítorí ohun ọ̀fẹ́ a máa ba tíṣà lẹ́rù.

Irú ìwé tí à ń wí yìí ni wọ́n ń pè ní PDF. Ilé-iṣẹ́ Adobe ní Amẹ́ríkà, tí John Warnock àti Charles Geschke dá sílẹ̀ ní 1982, ni ó gbé e jáde ní 1993. Ohun tí Warnock ń wá ni pé bí ènìyàn bá kọ ìwé ní ìlú kan, kí ẹni tí ó wà ní ìlú mìíràn, lórí ẹ̀rọ mìíràn, rí i gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti tò ó, ìlà fún ìlà. Àwa tí ń kọ́ni ní Yorùbá mọ iyì rẹ̀: nítorí pé ìwé náà lè gbé ìrísí lẹ́tà rẹ̀ dání, àmì ohùn wa kì í di àpótí òfìfo lọ́wọ́ ẹni tí a fi ránṣẹ́ sí, bí ẹni tí ó ṣe ìwé náà kò bá gbàgbé láti fi lẹ́tà náà sínú rẹ̀.

Ní ìbẹ̀rẹ̀, Adobe ń gba owó lórí ètò tí a fi ń ka ìwé náà pàápàá. Nígbà tí ó yá ni wọ́n fi í sílẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́. Wọ́n ti ń tẹ àlàyé bí PDF ti rí jáde fún aráyé, ṣùgbọ́n ọwọ́ wọn ni àṣẹ wà títí di 2008, nígbà tí ó di ìlànà ISO, àjọ tí ń ṣètò ìwọ̀n àti ìlànà fún gbogbo ayé. Ẹ̀yin ìyá ọlọ́jà yóò tètè mọ ohun tí èyí jẹ́. Bí ìwọ̀n kóńgò bá jẹ́ àṣírí ẹnì kan ṣoṣo, ọ̀dọ̀ rẹ̀ nìkan ni gbogbo ọjà yóò ti máa ra kóńgò, iye tí ó bá sì pè ni a ó san. Bí ìwọ̀n náà bá wà ní gbangba, ẹni tí ó bá mọ iṣẹ́ lè ṣe tirẹ̀.

Àwọn tí wọ́n ṣe tiwọn pọ̀. Sumatra, tí Krzysztof Kowalczyk bẹ̀rẹ̀ ní 2006, wà fún Windows nìkan; ó kéré, ó yára, a sì lè lò ó láti inú fúláàṣì. Evince wọ́pọ̀ lọ́wọ́ àwọn tí ń lo Linux. Okular, iṣẹ́ ẹgbẹ́ KDE, jẹ́ kí ènìyàn fa ìlà sí ọ̀rọ̀ kí ó sì kọ àlàyé sí ẹ̀gbẹ́ ìwé, èyí tí ó wù mí jù nígbà tí mo bá ń ṣe àtúnṣe iṣẹ́ ọmọ.

Òyìnbó ní ìṣòro kan níhìn-ín tí àwa kò ní: ọ̀rọ̀ kan náà ni wọ́n ń lò fún ohun tí a kò sanwó rẹ̀ àti fún ẹni tí kì í ṣe ẹrú. Àwa ní ọ̀fẹ́, a sì ní òmìnira. Richard Stallman, ará Amẹ́ríkà tí ó kéde iṣẹ́ GNU ní 1983, òmìnira ni ó ń wí: kí o lo ètò fún iṣẹ́ yòówù, kí o wo bí wọ́n ti kọ ọ́ kí o sì tún un ṣe, kí o dà á kọ fún ọ̀rẹ́, kí o sì pín èyí tí o tún ṣe. Ètò tí ó dójú tì mí náà jẹ́ ọ̀fẹ́, ọ̀fẹ́ ọgbọ̀n ọjọ́!

Ní Jámánì, òǹtẹ̀ kan wà tí wọ́n ń pè ní Blauer Engel, tí ìjọba ti ń fi sí ọjà tí kò ba àyíká jẹ́ láti 1978. Ní 2022 Okular di ètò kọ̀ǹpútà àkọ́kọ́ tí ó gba òǹtẹ̀ náà. Wọ́n wọn iná tí ó ń jẹ. Wọ́n ní ó gbọ́dọ̀ lè ṣiṣẹ́ lórí ẹ̀rọ tí ó ti pé ọdún márùn-ún, kò sì gbọdọ̀ gbé ìpolówó ọjà sójú ènìyàn. Ẹ̀yin tí ẹ ra kọ̀ǹpútà tòkunbọ̀ bí tèmi, ẹ ò rí i pé ọ̀rọ̀ wa ni wọ́n ń sọ!

N kò ní sọ pé wọn kò lábùkù. Àwọn fọ́ọ̀mù kan wà tí a fi ọgbọ́n Adobe nìkan ṣe, tí púpọ̀ nínú àwọn ètò wọ̀nyí kò lè ṣí dáadáa. Bẹ́ẹ̀ ni kí ẹ ṣọ́ra fún ibi tí ẹ ti ń mú wọn: ọ̀dọ̀ àwọn tí ó ṣe wọ́n gan-an ni kí ẹ lọ, nítorí àwọn jàǹdùkú a máa fi orúkọ rere bo ètò burúkú.

Ní sáà tí ó tẹ̀lé e, inú ilé-ẹ̀kọ́ wa ni mo ti tẹ ìbéèrè jáde, ní nǹkan bí aago mẹ́sàn-án alẹ́, èmi nìkan, mo sì ti ilẹ̀kùn.