Afinimọ̀nà àti Ilé Olórin: Àpẹẹrẹ Ojúlé Fẹlá ní Ìkẹjà

Nínú ìrìn-àjò ẹ̀kọ́ tí a ń fẹsẹ̀ rìn láti wo ojúlé àwọn olórin, ẹnu afinimọ̀nà ni iṣẹ́ wà. Ẹ jẹ́ kí a fi ti Fẹlá Aníkúlápó-Kútì ṣe àpẹẹrẹ. Ilé rẹ̀ ní Òpópónà Gbémisọ́lá, Ìkẹjà, ni ó di Mùsíọ́mù Kalakuta ní 2012. Ibojì rẹ̀ wà níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ náà ni yàrá àti aṣọ rẹ̀. Ṣùgbọ́n ilé tí àwọn ológun dáná sun ní ọjọ́ 18, oṣù Kejì, 1977, Agege Motor Road ni ó wà. Àlejò tí a kò là á yé yóò ka ọ̀kan sí èkejì. Ó yẹ kí olùkọ́ ní kí afinimọ̀nà ya ilé méjèèjì sọ́tọ̀ lẹ́nu ọ̀nà, kí akẹ́kọ̀ọ́ tó wọlé. Ilé àkọ́kọ́ ni wọ́n ti ju ìyá Fẹlá, Olóyè Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti, láti ojú fèrèsé. Ó kú ní 1978. Ìgbìmọ̀ ìwádìí ìjọba ní sójà tí a kò mọ̀ ni ó dáná sun ún. Fẹlá sì fi gbólóhùn yẹn gan-an ṣe àkọlé àwo orin rẹ̀, Unknown Soldier, ní 1979. Àwo yìí ni kí olùkọ́ gbé fún kíláàsì gbọ́ ṣáájú ọjọ́ ìrìn.