Niní Marshall: Aláwàdà tí ìjọba ní ó ń ba èdè jẹ́

Ní oṣù kẹfà, ọdún 1943, àwọn ológun fipá gba ìjọba ní orílẹ̀-èdè Argẹntínà. Kò pẹ́ lẹ́yìn náà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í ṣọ́ ohun tí wọ́n ń sọ lórí rédíò, àti bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́. Ọ̀kan nínú àwọn tí ọ̀rọ̀ náà bá ni Niní Marshall, obìnrin tó ń fi ẹnu rẹ̀ pa gbogbo ìlú lẹ́rìn-ín. Ẹ̀sùn tí wọ́n kà sí i lẹ́sẹ̀ ni pé ó ń ba èdè Sípáníṣì jẹ́, àti pé àwọn aráàlú lè fi àṣìsọ rẹ̀ kọ́ṣe. Bí wọ́n ṣe lé e kúrò lórí rédíò nìyẹn.

Marina Esther Traveso ni orúkọ àbísọ rẹ̀. Ìlú Buenos Aires ni wọ́n bí i sí ní ọjọ́ kìn-ín-ní, oṣù kẹfà, ọdún 1903. Ọmọ Sípéènì ni àwọn òbí rẹ̀. Nígbà tí ìgbéyàwó rẹ̀ àkọ́kọ́ túká, tó sì ku òun àti ọmọbìnrin rẹ̀ kan ṣoṣo, ó di dandan kó wá iṣẹ́ ṣe. Ó kọ́kọ́ ń kọ ọ̀rọ̀ ẹ̀fẹ̀ sínú ìwé ìròyìn, pàápàá nínú Sintonía tó ń sọ nípa ètò rédíò. Láti ibẹ̀ ló ti bọ́ sórí rédíò fúnra rẹ̀. Orin ló kọ́kọ́ ń kọ níbẹ̀ kó tó di aláwàdà.

Buenos Aires ayé ìgbà náà kún fún àwọn tó ti Ítálì àti Sípéènì wá jẹun, oníkálukú sì gbé ohùn ìlú rẹ̀ dání. Ohun tí Niní fetí gbọ́ láàárín wọn ló sọ di iṣẹ́. Ó wo ọmọ ọ̀dọ̀ kan tó ti ṣiṣẹ́ nílé ìyá rẹ̀, ó fi dá Cándida, ìránṣẹ́bìnrin ará Galicia tó máa ń ṣi ọ̀rọ̀ sọ ṣùgbọ́n tí inú rẹ̀ mọ́. Ó wo àwọn ọmọge tó máa ń dúró de àwọn gbajúmọ̀ lẹ́nu ọ̀nà ilé-iṣẹ́ rédíò, ó fi dá Catita, ọmọ àwọn ará Ítálì, alátojúbọ̀ tí ẹnu rẹ̀ kì í dákẹ́.

Ọdún 1938 ni Manuel Romero, olùdarí sinimá, mú Catita wọ inú Mujeres que trabajan, ìtàn àwọn obìnrin tó ń ṣiṣẹ́ ní ilé ìtajà ńlá. Ọdún márùn-ún péré ni sinimá tó ń sọ̀rọ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ lò ní Argẹntínà nígbà náà. Nígbà tó di ọdún 1939, Cándida náà ti ní sinimá tirẹ̀. Ohun tó mú Niní yàtọ̀ sí ọ̀pọ̀ òṣèrébìnrin ẹgbẹ́ rẹ̀ ni pé òun fúnra rẹ̀ ló ń kọ ohun tí àwọn ẹ̀dá inú eré rẹ̀ ń sọ.

Ìdí nìyí tí àṣẹ ọdún 1943 fi dùn ún jọjọ. Kì í ṣe òun nìkan ni wọ́n fi àṣẹ náà mú. Wọ́n ní kí àwọn olórin tango náà yọ èdè ìgboro tí wọ́n ń pè ní lunfardo kúrò nínú orin wọn. Ṣùgbọ́n Niní kọ́ ló dá àṣìsọ sílẹ̀. Àwọn aráàlú ló ń sọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ lọ́jà àti nílé ìdáná. Òun kàn gbé dígí sí wọn níwájú ni. Òótọ́ ọ̀rọ̀ a sì máa korò lẹ́nu àwọn tó fẹ́ kí ìlú rí bó ṣe wù wọ́n.

Wọn kò lé e kúrò nínú sinimá ní tirẹ̀. Ó ṣe Carmen ní ọdún 1943, ó sì ṣe Madame Sans-Gêne ní ọdún 1945. Lẹ́yìn tí Juan Perón di ààrẹ ní ọdún 1946 ni ilẹ̀kùn ibẹ̀ náà wá sé mọ́ ọn. Àhesọ tó gbòde ni pé ó sín Eva, ìyàwó ààrẹ, jẹ níbi àríyá kan. Ó kó lọ sí Mẹ́ksíkò, ó sì ń ṣe sinimá níbẹ̀. Ọ̀kan lára wọn ni Una gallega en México ti ọdún 1949.

Ọdún 1955 ni àwọn ológun lé Perón kúrò lórí oyè. Ní ọdún tó tẹ̀ lé e, Niní ti padà sílé, ó sì ti gbé Catita jáde nínú Catita es una dama. Ó tún ṣe eré orí ìtàgé àti ti tẹlifíṣọ̀n. Ní ọdún 1989, ìlú Buenos Aires fi oyè dá a lọ́lá. Ó jáde láyé ní ọjọ́ kejìdínlógún, oṣù kẹta, ọdún 1996, lẹ́ni ọdún méjìléláàádọ́rùn-ún.

Èdè tí ìjọba ní ó ń bàjẹ́ kò bàjẹ́. Ẹni tó bá sì fẹ́ mọ bí àwọn mẹ̀kúnnù Buenos Aires ṣe ń sọ̀rọ̀ láyé ọjọ́un, ẹnu Catita àti Cándida ni yóò ti gbọ́ ọ.