Fífi Ìnira Kọ́ Ara àti Ọkàn

Ní àgọ́ àwọn agùnbánirọ̀ ní Ẹdẹ, a máa ń jí àwọn ọ̀dọ́ ní ìdájí láti sáré àti láti gun okùn. Àwọn Man O' War ni ó ń tọ́ wọn. Orúkọ wọn ti etí òkun kan ní Kamẹrúùnù wá, níbi tí Alec Dickson ti dá ilé ẹ̀kọ́ sílẹ̀ ní 1951. Nígbà náà, àwọn ọ̀dọ́ a máa gun Òkè Kamẹrúùnù, tí ó ga ju 13,000 ẹsẹ̀ bàtà lọ. Ẹni tí ó ti borí ẹ̀rù níbẹ̀ kì í tètè sá fún iṣẹ́ líle. (Àgbẹ̀ tí ń kọ ebè yóò rẹ́rìn-ín, nítorí kò san owó kọ́ ọ.)

Ṣùgbọ́n ẹ kíyèsí i, ẹ̀yin òbí: ara kì í mọ ooru lóòjọ́. Ó tó ọjọ́ 7 sí 14 kí òógùn tó máa tètè jáde, kí iyọ̀ inú rẹ̀ sì dínkù. Nítorí náà, kí ọmọ tí ó ti jókòó pẹ́ nínú ilé bẹ̀rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, kí ó sì máa mu omi. Bí ó bá ń ta gọ̀ọ́gọ̀ọ́, tí ó ń sọ ìsọkúsọ, ooru ti wọ̀ ọ́ lára, ó sì lè pa á. Ẹ gbé e sí ibòòji, ẹ da omi tútù sí i lára, ẹ máa fẹ́ ẹ, kí ẹ sì ránṣẹ́ sí ilé ìwòsàn kíákíá.