Òṣèré Tó Bọ́ Sẹ́yìn Kámẹ́rà Kò Já Wálẹ̀

Bí ọmọ tí a ti ń wò nínú fíìmù bá sọ pé òun kò ní ṣeré mọ́, pé ìrísí fíìmù ni òun fẹ́ máa ṣètò, ohun tí ẹbí sábà máa ń kọ́kọ́ bi í ni pé: "Ṣé wọn ò pè ọ́ síṣẹ́ mọ́ ni?" Ìbéèrè yìí máa ń dun ọmọ, torí ó dà bíi pé ó ti kùnà. Bẹ́ẹ̀, iṣẹ́ tó ń lọ ṣe kò kéré rárá.

Production designer ni wọ́n ń pe ẹni tó ń ṣe é. Òun ló ń pinnu bí gbogbo ohun tó yí òṣèré ká yóò ṣe rí: ilé, àga, àwọ̀ ògiri, títí dé ife tíì. Òun àti olùdarí ló ń jọ jókòó sọ ọ́, òun ló sì ń darí àwọn káfíńtà, àwọn tó ń kun ọ̀dà àti àwọn tó ń wá ẹrù.

Ẹ wo October 1, fíìmù Kunle Afolayan tó jáde ní 2014. Ọdún 1960 ni ìtàn inú rẹ̀ wáyé. Pat Nebo, tó ṣètò ìrísí rẹ̀, ní láti wá tẹlifíṣọ̀n àtijọ́ àti ìbọn àtijọ́ rí. Bí díìṣì sátẹ́láìtì kan ṣoṣo bá yọ lórí òrùlé, ìtàn ti bàjẹ́ nìyẹn. Bákan náà ni Half of a Yellow Sun tí Biyi Bandele darí: ní Calabar àti Creek Town ni wọ́n ti ya púpọ̀ nínú rẹ̀, wọ́n sì ní láti sọ ibẹ̀ di ilẹ̀ Ìgbò ìgbà ogun Bìáfíráà.

Òṣèré kì í bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ yìí lọ́wọ́ òfo. Ẹni tó ti ṣe opó tó ń ta panla ní Onitsha rí ti bi ara rẹ̀ pé: Ṣé obìnrin yìí lówó? Ìjọ wo ló ń lọ? Nígbà náà, ohùn àti ìrìn ló fi dáhùn. Ní báyìí, kàlẹ́ńdà ìjọ lára ògiri, ìkòkò tó ti dúdú àti àga kan ṣoṣo ni yóò fi dáhùn. Ó sì mọ̀ pé bí ilẹ̀kùn bá jìnnà jù, òṣèré yóò ti sọ̀rọ̀ tán kó tó débẹ̀.

Àmọ́ ó gbọ́dọ̀ kọ́ ìwọ̀n, yíya àwòrán ilé, ìṣirò owó, àti bí àwọ̀ ṣe ń yí padà lábẹ́ iná. National Film Institute ní Jos ń kọ́ni níṣẹ́ fíìmù. Ó sì lè kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ ẹni tó ti mọ̀ ọ́n. Owó kì í pọ̀ níbẹ̀rẹ̀, nítorí náà kó má tíì kọ ipa kéékèèké tí wọ́n bá fi lọ̀ ọ́. Kó máa ya fọ́tò gbogbo ibi tó bá tún ṣe, kó lè rí nǹkan fi han ẹni tó bá fẹ́ gbé iṣẹ́ fún un.

Èyí tó le jù ni pé wọn kò ní máa dá a mọ̀ lọ́jà mọ́. Ibẹ̀ ni iṣẹ́ kan ẹ̀yin òbí. Bí fíìmù bá parí, ẹ má tètè pa tẹlifíṣọ̀n. Ẹ dúró ka àwọn orúkọ tó ń kọjá lọ sókè. Ti ọmọ yín wà níbẹ̀.